Tẹ́ẹ̀sì ń ya lu fóònù mi bí òjò, ta ni mo ṣẹ̀?

Ẹ̀yin èèyàn mi, ẹ kú ọjọ́ mẹ́ta. Ọ̀rọ̀ bátìrì tó ń wú ni mo ti múra láti dáhùn lóṣù yìí, ṣùgbọ́n lẹ́tà mẹ́rin wọlé tó dà bíi pé ẹnì kan ló kó wọn jọ fi ránṣẹ́, torí ibi kan náà ni gbogbo wọn ń lọ: kí fóònù èèyàn máa gba tẹ́ẹ̀sì lọ́gọ́rùn-ún lọ́gọ́rùn-ún láìdáwọ́ dúró. Ẹni tí wọ́n rán an sí kọ̀wé, ẹni tó rán an náà kọ̀wé, ìyá ọmọ mìíràn tó rán irú ẹ̀ tún kọ tiẹ̀ láti Lọ́ńdọ̀nù. Ibi tí òfin bá ti wọ̀ ọ́, Àǹtí Lọ́yà, ìyàwó ẹ̀gbọ́n mi, ni mo bi. Iṣẹ́ fóònù ni mo kọ́, ẹ mọ̀ bẹ́ẹ̀.

*Bọ̀dá Fóònù, ẹ kú iṣẹ́ o. Léèsì ni mò ń tà ní Gbági Tuntun, n'Íbàdàn níbí. Sátidé tó kọjá mò ń ti òde ìnáwó bọ̀, aago mẹ́sàn-án alẹ́ ti lù, ni fóònù mi bẹ̀rẹ̀ sí í ké, kóòdù, kóòdù, kóòdù. Òmíì láti ọ̀dọ̀ àwọn tó ń gbé oúnjẹ kiri, òmíì ti takisí orí fóònù, òmíì èdè Ṣáínà ni wọ́n fi kọ ọ́, mi ò sì forúkọ sílẹ̀ lọ́dọ̀ ìkankan wọn. Kó tó di aago mẹ́wàá ó ti lé ní 300. Fóònù gbóná, kò gbọ́ràn mọ́, tí mo bá tẹ ibí, ọ̀hún ló ń ṣí. Ọmọ mi ní kí n pa á, pé tó bá di àárọ̀ á ti rẹ̀ wọ́n. Mo pa á, mo sùn. Ọjọ́ Àìkú lẹ́yìn ìsìn ni mo tó tàn án. Mọ́ńdè tí mo fẹ́ sanwó ọjà, wọ́n ní owó mi ò tó, ₦412,000 ti jáde lẹ́ẹ̀mẹta lálẹ́ Sátidé yẹn. Ìgbà tí mo wá yẹ fóònù wò dáadáa, álẹ́ẹ̀tì mẹ́tẹ̀ẹ̀ta wà níbẹ̀ láàárín pàǹtírí yẹn. Ṣé àwọn méjèèjì jọ ń rìn ni, àbí àdánwò méjì ló kàn pàdé lórí mi?*
*Ìyá Aláṣọ, Ìbàdàn*

Ìyá mi, ẹ pẹ̀lẹ́, Ọlọ́run á fi èyí tó pọ̀ jù ú lọ rọ́pò. Wọ́n jọ ń rìn ni. Ẹ jẹ́ kí n tètè sọ pé tẹ́ẹ̀sì yẹn fúnra ẹ̀ ò lè yọ kọ́bọ̀ nínú àkáǹtì ẹnikẹ́ni, aṣọ ìkélé lásán ni wọ́n fi í ṣe. Ẹni tó yọ owó yín ti ní nǹkan tó máa fi wọlé kó tó bẹ̀rẹ̀, bóyá nọ́ńbà káàdì yín ni, bóyá ẹ ti tẹ PIN sórí líǹkì kan nígbà kan, mi ò sí níbẹ̀. Ohun tó ń já a láyà ni pé bí owó bá ṣe ń jáde, álẹ́ẹ̀tì á dún, ẹ ó rí i, ẹ ó pe bánkì kí òun tó rí owó náà kó sá. Ó wá da 300 lé e lórí. Bíi kí wọ́n pe orúkọ yín lẹ́ẹ̀kan nínú ariwo Gbági lọ́sẹ̀ Kérésìmesì ni, wọ́n pè yín lóòótọ́, ẹ ò kàn gbọ́ ni.

Bí wọ́n ṣe ń ṣe é ò le. Ọ̀pọ̀ ibi téèyàn ti ń forúkọ sílẹ̀ lórí íntánẹ́ẹ̀tì ló ń béèrè nọ́ńbà fóònù, tí wọ́n á sì fi kóòdù ránṣẹ́ síbẹ̀ láti mọ̀ bóyá nọ́ńbà ẹ ni lóòótọ́. Ọ̀pọ̀ nínú wọn kì í béèrè ta ló ń tẹ̀ ẹ́. Àwọn kan wá kọ prógráàmù tó to irú ẹnu ọ̀nà bẹ́ẹ̀ lọ́gọ́rọ̀ọ̀rún jọ, èèyàn á tẹ nọ́ńbà yín sí i lẹ́ẹ̀kan, òun á máa kan ilẹ̀kùn láti ojúlé dé ojúlé, á parí, á tún bẹ̀rẹ̀. Àwọn kọ́ńpìnnì tó ń rán kóòdù yẹn ò mọ nǹkan kan, owó wọn gan-an ló ń lọ, torí wọ́n ń sanwó lórí tẹ́ẹ̀sì kọ̀ọ̀kan. Ìdí nìyẹn tí dídí nọ́ńbà kan ò fi ń ràn án, èyí tẹ́ ẹ dí ti ṣe tiẹ̀ tán, ìkejì ẹ̀ ló kàn.

Pípa tẹ́ ẹ pa fóònù yẹn ni olè ń fẹ́. Mi ò bá ọmọ yín wí o, èmi náà ì bá ti pa á tí mi ò bá tíì rí i lójú ara mi. Lọ́dún tó kọjá oníbàárà mi kan gbé fóònù wá kí n pààrọ̀ ojú ẹ̀, a ò tíì dúnàá-dúrà tán tó fi bẹ̀rẹ̀ sí í gbọ̀n lórí tábìlì, ó ń gbọ̀n lọ sétí tábìlì bíi pé ó fẹ́ sá. Kóòdù ni gbogbo ẹ̀. Ó na ọwọ́ kó pa á, mo ní rárá, mo lọ sókè níbi àmì ìwárí nínú ilé tẹ́ẹ̀sì, mo tẹ orúkọ bánkì ẹ̀ síbẹ̀. Pàǹtírí kúrò lójú, ó ku ti bánkì nìkan: ₦50,000 ti jáde ní ìṣẹ́jú méjì sẹ́yìn. Fóònù tèmi ló fi pe nọ́ńbà tó wà lẹ́yìn káàdì ẹ̀, wọ́n ti àkáǹtì pa, ẹlẹ́ẹ̀kejì tí wọ́n fẹ́ yọ ò jáde. A ò tíì mí tán ni ìpè wọlé. Ọkùnrin kan, ohùn jẹ́jẹ́, ó ní ọ́fíìsì nẹ́tíwọ̀ọ̀kì lòun ti ń pè, àwọn rí i pé tẹ́ẹ̀sì ń yọ ọ̀gá lẹ́nu, kí ọ̀gá ka kóòdù tó wọlé kẹ́yìn fóun kóun lè bá wọn dá a dúró.

Ìyá mi, ẹ gbọ́ eléyìí dáadáa: nínú 300 yẹn, ẹyọ kan lè jẹ́ ojúlówó, kóòdù bánkì yín tàbí ti WhatsApp yín, òun gan-an ni wọ́n pè torí ẹ̀. Kò sí nẹ́tíwọ̀ọ̀kì tó nílò kóòdù yín láti dá tẹ́ẹ̀sì dúró.

Tó bá tún ṣẹlẹ̀ (kò ní í ṣẹlẹ̀ mọ́), fóònù ọmọ yín ni kẹ́ ẹ gbà, ẹ pe bánkì kí wọ́n ti àkáǹtì pa kẹ́ ẹ tó ṣe nǹkan mìíràn. Ọ̀pọ̀ bánkì ló ní kóòdù kúkúrú téèyàn lè tẹ̀ lórí fóònù yòówù láti ti àkáǹtì pa, ẹ béèrè tiyín lọ́la, ẹ kọ ọ́ sára ògiri ṣọ́ọ̀bù. Tí nẹ́tíwọ̀ọ̀kì bá ṣàdédé kú pátápátá lẹ́yìn òjò tẹ́ẹ̀sì bẹ́ẹ̀, tí fóònù ẹni tẹ́ ẹ jọ ń lo láìnì kan náà sì ń ṣiṣẹ́, á jẹ́ pé wọ́n ti gba sím yín sọ́wọ́ ni, ẹ mú NIN yín, ẹ máa sáré lọ sí ọ́fíìsì wọn lójú ẹsẹ̀.

Ti ₦412,000 yẹn, ẹ kọ ìwé ẹ̀sùn, ẹ má fi ẹnu lásán sọ ọ́ fún ọmọ tó jókòó síbi káńtà. Ẹ gba nọ́ńbà ẹ̀sùn lọ́wọ́ wọn. Tí ọ̀sẹ̀ méjì bá kọjá tí wọn ò ṣe é bó ṣe yẹ, ẹ̀ka tó ń gbèjà oníbàárà ní Báńkì Àpapọ̀ ló kàn. Àwọn ọlọ́pàá náà ní ibùdó tí wọ́n yà sọ́tọ̀ fún ìwà ọ̀daràn orí íntánẹ́ẹ̀tì, wọ́n sì ń gba ẹ̀sùn lórí íntánẹ́ẹ̀tì, ẹni tí ò bá mọ̀ ọ́n lò, kó bẹ̀rẹ̀ ní téṣàn tó sún mọ́ ọn. Ẹ má pa ẹyọ kan rẹ́ nínú tẹ́ẹ̀sì yẹn o, bó ti wù kó máa rí yín lára. Àǹtí Lọ́yà ní abala 84 nínú Òfin Ẹ̀rí ọdún 2011 ló ń sọ bí kọ́ọ̀tù ṣe ń gba ohun tó ti inú kọ̀ǹpútà àti fóònù jáde, wọ́n máa ń béèrè ìwé ẹ̀rí tó sọ ibi tí nǹkan náà ti wá àti bó ṣe jáde, torí náà screenshot dáa, ṣùgbọ́n fóònù tí gbogbo ẹ̀ ṣì wà nínú ẹ̀ ló dáa jù.

*Ẹ̀gbọ́n, ẹ kú làákàyè. Ọ̀jọ́ ni mo wà, iléèwé ni mò ń lọ. Bọ̀bọ́ kan jẹ mí ní ₦85,000 owó láptọ́ọ̀pù tí mo tà fún un, ó ti lé lóṣù mẹ́rin, kì í gbé ìpè mi mọ́. Ọ̀rẹ́ mi wá fún mi ní áàpù kan, mo fi nọ́ńbà ẹ̀ sí i, mo tú 500 tẹ́ẹ̀sì sí i lórí lálẹ́ ọjọ́ kan. Kí n má parọ́, ó ṣiṣẹ́, ọjọ́ kejì ló bẹ̀ mí, ó san ₦20,000. Mo wá fẹ́ tú 5,000 sí i kó lè san ìyókù, mo sì ti sọ fún un pé tí ò bá san mi ò ní jẹ́ kó sùn, ìyá ẹ̀ náà á gba tiẹ̀. Ọ̀rẹ́ mi ní kò sófin tó ní kéèyàn má fi tẹ́ẹ̀sì ránṣẹ́, pé àwọn áàpù ẹ̀yáwó gan-an ń ṣe é. Ṣé òótọ́ ni?*
*Ẹni tí wọ́n jẹ lówó, Ọ̀jọ́*

Àbúrò, ọ̀rẹ́ ẹ ń ṣọ̀tá ẹ. Mo ka lẹ́tà ẹ fún Àǹtí Lọ́yà lórí fóònù, ó kọ́kọ́ rẹ́rìn-ín, ó wá ní kí n tún ibi "ìyá ẹ̀ náà á gba tiẹ̀" yẹn kà.

Òfin tó ká a mọ́ ni òfin ìwà ọ̀daràn orí kọ̀ǹpútà tí Nàìjíríà ṣe lọ́dún 2015, tí wọ́n tún tún ṣe lóṣù kejì ọdún 2024. Má wulẹ̀ sọ pé fóònù lo fi ṣe é, kì í ṣe kọ̀ǹpútà, torí ohun tí òfin yẹn pè ní kọ̀ǹpútà gba fóònù mọ́ra. Abala 32 sọ̀rọ̀ nípa ẹni tó bá da mẹ́sééjì jánganjàngan sórí kọ̀ǹpútà ẹlòmíì pẹ̀lú èrò pé kó má lè ṣiṣẹ́: ẹ̀wọ̀n ọdún 3, tàbí ₦1 mílíọ̀nù, tàbí méjèèjì. Abala 8 ń bá ẹni tó mọ̀ọ́mọ̀ ṣe ohun tí kò ní í jẹ́ kí kọ̀ǹpútà ẹlòmíì ṣiṣẹ́ bó ṣe yẹ wí: ó lè tó ẹ̀wọ̀n ọdún 2, tàbí ₦5 mílíọ̀nù, tàbí méjèèjì. Gbèsè tó o ń lé jẹ́ ₦65,000 tó kù. Ṣe ìṣirò ẹ̀ fúnra ẹ.

Ti abala 24 ni ọ̀rẹ́ ẹ fi rí ibi fara pamọ́ sí díẹ̀. Tẹ́lẹ̀, nínú ti 2015, téèyàn bá fi irọ́ ránṣẹ́ kó lè bí ẹlòmíì nínú tàbí kó ni ín lára lásán, abala yẹn ti mú un, ọdún 3 tàbí ₦7 mílíọ̀nù. Àwọn aláṣẹ wá ń fi mú àwọn akọ̀ròyìn kiri. Kọ́ọ̀tù ECOWAS sọ lọ́dún 2022 pé abala yẹn ò bá ẹ̀tọ́ ọmọnìyàn mu, kí Nàìjíríà tún un ṣe, àtúnṣe 2024 sì yọ ọ̀rọ̀ bíbíni nínú yẹn kúrò. Nítorí náà, tó bá jẹ́ pé o kàn bí i nínú lásán ni, lọ́yà ẹ á rí nǹkan sọ nípa abala 24. Ṣùgbọ́n ìpín kejì abala yẹn ṣì dúró gbọn-in, òun ló ń sọ ti ẹni tó bá ń halẹ̀ mọ́ èèyàn tàbí tó ń yọ ọ́ lẹ́nu lórí nẹ́tíwọ̀ọ̀kì débi tí ẹ̀rù ikú tàbí ti ìfarapa fi bà á, ọdún 10 nìyẹn, tàbí owó ìtanràn tí kò ní í dín ní ₦25 mílíọ̀nù. Tó bá jẹ́ dúkìá ẹ̀ tàbí orúkọ ẹ̀ lo ní o máa bà jẹ́, ọdún 5 tàbí ₦15 mílíọ̀nù ó kéré tán. "Mi ò ní jẹ́ kó sùn" tó o kọ sí i yẹn, o lè mọ̀ pé eré lò ń ṣe, adájọ́ ò mọ̀ ẹ́ rí. Á ka ọ̀rọ̀ yẹn, á ka 500, á ka ti ìyá ẹ̀ tí ò jẹ ẹ́ ní kọ́bọ̀.

O tún lè máa rò ó pé kò sẹ́ni tó máa mọ̀ pé ìwọ ni, ṣebí orúkọ àwọn kọ́ńpìnnì ló wà lórí tẹ́ẹ̀sì yẹn. Ẹnu ọ̀nà kọ̀ọ̀kan tí áàpù yẹn kàn ń kọ àdírẹ́sì íntánẹ́ẹ̀tì tí ìkànkùn ti wá sílẹ̀, àdírẹ́sì yẹn á tọ ọlọ́pàá dé ọ̀dọ̀ nẹ́tíwọ̀ọ̀kì ẹ, nẹ́tíwọ̀ọ̀kì á wo sím tó ń lo dátà lásìkò yẹn, láti oṣù kejìlá ọdún 2020 ni ìjọba sì ti ní kí wọ́n so gbogbo sím mọ́ NIN. Fọ́tò ẹ ló máa yọ lójú kọ̀ǹpútà. Ká tiẹ̀ fi ìyẹn sílẹ̀, ìwọ fúnra ẹ ti fi ẹnu ẹ jẹ́wọ́ fún un.

Áàpù yẹn ńkọ́, ibo lo ti rí i? Tó bá jẹ́ inú grúùpù Telegram ni wọ́n ti ju fáìlì ẹ̀ sí ẹ, lọ wo ohun tó gbàṣẹ láti fọwọ́ kàn nínú fóònù ẹ. Mo ti ṣí mẹ́ta irú ẹ̀ fún àwọn ọmọkùnrin tó ń bọ̀ ní ṣọ́ọ̀bù. Méjì nínú wọn ní àwọn fẹ́ máa ka tẹ́ẹ̀sì tó ń wọlé àti gbogbo nọ́ńbà inú fóònù. Kí ni áàpù tó ń rán tẹ́ẹ̀sì jáde fẹ́ fi kíka tẹ́ẹ̀sì tó ń wọlé ṣe, tí kì í bá ṣe kóòdù bánkì ẹ? Yọ ọ́, lẹ́yìn náà pààrọ̀ PIN àti páàsìwọ́ọ̀dù ẹ, kó o tó ka ìyókù ìdáhùn yìí.

Ti àwọn áàpù ẹ̀yáwó, àwọn náà kọ́ ló ń jẹ àjẹgbé. Oṣù kẹta ọdún 2022 ni FCCPC, àjọ tó ń gbèjà àwọn oníbàárà, ya wọ ọ́fíìsì àwọn kan nínú wọn n'Íkẹjà, wọ́n kó kọ̀ǹpútà wọn. Lọ́dún yẹn kan náà ni wọ́n ṣòfin pé dandan ni kí wọ́n forúkọ sílẹ̀. Nígbà tó di 2023, Google náà fòfin dè é pé áàpù ẹ̀yáwó ò gbọdọ̀ fọwọ́ kan nọ́ńbà àti fọ́tò inú fóònù èèyàn mọ́, oṣù kẹfà ọdún yẹn ni òfin ààbò dátà tiwa náà jáde. Ẹni tí wọ́n bá ń da mẹ́sééjì ẹ̀sín lé àwọn ará ilé ẹ̀ lórí, FCCPC àti NDPC, àjọ tó ń bójú tó ààbò dátà, ni kó gbé e lọ bá.

Owó ẹ ṣì wà nílẹ̀ o, mi ò ní kó o fi sílẹ̀. Èkó lo wà, orí dá ẹ ṣe. Láti 2018 ni kọ́ọ̀tù ẹ̀jọ́ kékeré ti wà lọ́dọ̀ àwọn májísíréètì níbẹ̀, fún gbèsè tí kò bá ju ₦5 mílíọ̀nù lọ. Wàá kọ́kọ́ fún un ní ìwé tó ń béèrè owó ẹ, fọ́ọ̀mù ẹ̀ wà lọ́dọ̀ wọn, tí ò bá san, wàá pe ẹjọ́, o sì lè rò ó fúnra ẹ láìgba lọ́yà, 60 ọjọ́ ni wọ́n fi ṣe òṣùwọ̀n kí ìdájọ́ fi jáde. Ìwé tẹ́ ẹ fi ra láptọ́ọ̀pù ni kó o wá, tí ò bá sí, ọ̀rọ̀ tẹ́ ẹ jọ sọ lórí WhatsApp. Má gbé e lọ fún ọlọ́pàá kí wọ́n bá ẹ gbà á, Òfin Ọlọ́pàá ọdún 2020 ò fàyè gbà á kí wọ́n mú èèyàn torí gbèsè lásán. O ò ní fẹ́ kó jẹ́ pé ìwọ tó o ní kí wọ́n wá mú un ni wọ́n máa mú lọ, torí òun náà ní 500 tẹ́ẹ̀sì lọ́wọ́ tó lè fi hàn wọ́n.

*Bọ̀dá mi, Láti Peckham ni mo ti ń kọ̀wé yìí. Ọmọ mi ọkùnrin, ọdún 16, òun àti ọ̀rẹ́ ẹ̀ méjì dá £5 jọ fún wẹ́bsáìtì kan, wọ́n ń rọ̀jò tẹ́ẹ̀sì lu ọmọbìnrin kan ní kíláàsì wọn fún òru mẹ́ta. Bàbá ọmọ gbé fóònù lọ sí iléèwé, iléèwé ní àwọn á fi tó ọlọ́pàá létí. Mo ti gba fóònù lọ́wọ́ ẹ̀, mo ti fẹ́ pa gbogbo ohun tó wà nínú ẹ̀ rẹ́. Bàbá ẹ̀ ní kí n má da ara mi láàmú, eré ọmọdé ni. Ṣé eré ni lóòótọ́?*
*Ìyá Ọmọ, Lọ́ńdọ̀nù*

Àǹtí mi, ẹ gbé fóònù yẹn sílẹ̀. Ẹ má pa nǹkan kan rẹ́. Ẹni tó bá ń pa ẹ̀rí rẹ́ nígbà tó ti gbọ́ pé ọlọ́pàá ń bọ̀, ó ti dá ẹ̀ṣẹ̀ kejì tó lè burú ju èkínní lọ, ẹ̀yin sì ni wọ́n máa bi, kì í ṣe ọmọ.

Eré kọ́. Àǹtí Lọ́yà ṣiṣẹ́ díẹ̀ ní Lọ́ńdọ̀nù kó tó padà wálé, ó sì sọ ẹjọ́ kan fún mi. Ọmọkùnrin kan, ọdún 16 bíi tiyín, kọ́ńpìnnì kan lé e lẹ́nu iṣẹ́, ó sì ń bínú. Oṣù kìíní ọdún 2004 ló wá prógráàmù kan, orúkọ ẹ̀ ń jẹ́ Avalanche, ó fi da bíi mílíọ̀nù 5 ímeèlì sórí kọ̀ǹpútà wọn, ó tún ṣe é kó dà bíi pé ọ̀kan nínú àwọn ọ̀gá ibẹ̀ ló ń rán èyí tó pọ̀ jù níbẹ̀. Kọ́ọ̀tù àwọn ọmọdé ní Wimbledon dá a sílẹ̀ ní 2005, wọ́n ní ṣebí torí kó lè gba ímeèlì ni wọ́n ṣe gbé kọ̀ǹpútà yẹn síbẹ̀, ímeèlì náà ló sì rán. Àwọn adájọ́ àgbà yí i padà ní 2006. Ohun tí wọ́n sọ, ẹ̀yin gan-an lẹ lè sọ ọ́: onílé gbà kí àlejò rin ọ̀nà wá sẹ́nu ilẹ̀kùn òun, ó gbà kí wọ́n ju lẹ́tà sínú àpótí, ìyẹn ò sọ pé ó gbà kí wọ́n kó pàǹtírí dí i. Nílé wa, ẹni tó bá kágò lẹ́ẹ̀kan là ń dá lóhùn, ẹni tó bá ń kágò láti alẹ́ mọ́jú, kì í ṣe àlejò mọ́. Ọmọ yẹn gbà pé òun jẹ̀bi, wọ́n de ẹ̀rọ mọ́ ọn lára, wọ́n ní kó má jáde nílé lóru fún oṣù méjì.

Láti ìgbà yẹn òfin ti le sí i. Abala 3 nínú òfin wọn ti 1990 lórí ìlòkulò kọ̀ǹpútà lè dé ẹ̀wọ̀n ọdún 10 fún àgbàlagbà. Òfin ìbánisọ̀rọ̀ ti 2003, abala 127, ń mú ẹni tó bá ń lo nẹ́tíwọ̀ọ̀kì léraléra láti fi ni ẹlòmíì lára, oṣù 6. Ti 1997 tó ń dáàbò bo èèyàn lọ́wọ́ ìyọlẹ́nu, ẹ̀ẹ̀mejì péré ti tó láti pè é ní ìyọlẹ́nu, òru mẹ́ta sì ni ọmọ yín fi ṣe é. Ọmọ ọdún 10 ti tó í jẹ́jọ́ lọ́dọ̀ wọn. Mi ò sọ pé wọ́n máa jù ú sẹ́wọ̀n o, àwọn ọmọdé tí kò ṣe irú ẹ̀ rí, wọ́n sábà máa ń wá ọ̀nà mìíràn fún wọn, NCA, àjọ tó ń gbógun ti ìwà ọ̀daràn ńlá níbẹ̀, tiẹ̀ ní ètò kan tí wọ́n ń pè ní Cyber Choices fún àwọn ọmọ tó ń fi ọgbọ́n kọ̀ǹpútà ṣe ohun tí kò yẹ. Àmọ́ tí wọ́n bá ní kó wá sí téṣàn, kó má dá sọ̀rọ̀. Lọ́yà ọ̀fẹ́ wà ní téṣàn, ẹ ní kí wọ́n pè é, kí ẹ̀yin tàbí bàbá ẹ̀ sì jókòó tì í. Kí bàbá yẹn náà wọ aṣọ, kẹ́ ẹ jọ lọ kí bàbá ọmọbìnrin yẹn tí iléèwé bá fọwọ́ sí i. Ọmọ tí ò sùn fún òru mẹ́ta, ọmọ ẹnìkan ni.

*Bọ̀dá Fóònù, mo ti fi STOP ránṣẹ́ sí 2442, tẹ́ẹ̀sì ṣì ń wọlé. Ṣé irọ́ ni wọ́n pa fún wa ni?*
*Bàbá Ìbejì, Abẹ́òkúta*

Wọn ò parọ́. Ìpolówó ni 2442 wà fún. Láti 2016 ni NCC, àjọ ìjọba tó ń ṣàkóso àwọn nẹ́tíwọ̀ọ̀kì, ti ní kí wọ́n máa fi ṣiṣẹ́: STOP ń dí gbogbo ìpolówó, HELP á jẹ́ kẹ́ ẹ mú irú èyí tẹ́ ẹ fẹ́, STATUS á sọ ibi tẹ́ ẹ bá a dé. Tí ìpolówó bá ṣì ń wọlé lẹ́yìn STOP, ẹ kọ́kọ́ fi ẹjọ́ sun nẹ́tíwọ̀ọ̀kì yín, tí wọn ò bá ṣe nǹkan kan, ẹ pe 622 ti NCC, ọ̀fẹ́ ni. Kóòdù ìforúkọsílẹ̀ àti tẹ́ẹ̀sì ẹni tẹ́ ẹ jọ ń jà ò sí lábẹ́ ẹ̀, òun náà kọ́ ló sì máa gbà yín lọ́wọ́ irú èyí tó ṣe Ìyá Aláṣọ lókè yẹn.

Fún ìyẹn, fóònù fúnra ẹ̀ lẹ máa tún tò. Ẹ wọ séttìǹ ilé tẹ́ẹ̀sì, ẹ tan ààbò pàǹtírí, lórí iPhone ẹ ní kó ya àwọn tí ò sí nínú nọ́ńbà yín sọ́tọ̀. Ẹ fún bánkì ní ohùn tiẹ̀ lọ́tọ̀, tèmi agogo ni, kẹ́ ẹ lè máa gbọ́ ọ bí ìyókù tiẹ̀ ń pariwo. Ẹ ní kí bánkì máa fi álẹ́ẹ̀tì sí ímeèlì náà, tẹ́ẹ̀sì wọn ti di ₦6 láti oṣù karùn-ún ọdún 2025, ti ímeèlì ò gba kọ́bọ̀. Ẹ fi PIN sí WhatsApp, níbi tí wọ́n ń pè ní ìjẹ́rìísí alápá méjì. Nọ́ńbà tẹ́ ẹ lẹ̀ mọ́ ara ọkọ̀ àti ògiri ilé yín, ẹ má jẹ́ kó jẹ́ òun kan náà ni ti bánkì, sím kejì ò wọ́n. Mo mọ̀ pé Ìbejì ló máa bá yín ṣe gbogbo ẹ̀, ẹ fún wọn ní owó bisikíìtì.

Ti bátìrì tó ń wú, oṣù tó ń bọ̀ ni. Kó tó dìgbà náà, ẹ má fi í sábẹ́ ìrọ̀rí sùn.